Àkùkọ Mẹ́rin Lórí Ọkọ̀ Kan

Mùfúlíátù kò tíì lo ìṣẹ́jú márùn-ún nínú ṣọ́ọ̀bù Ṣàíbù tí Olúgbóyèga fi bú u.

Òun àti Theresa ọ̀rẹ́ rẹ̀ ni wọ́n jọ yà síbẹ̀ lọ́sàn-án ọjọ́ náà. Ọdún kejì wọn ní yunifásítì nìyẹn. Olùkọ́ wọn kò wá, oòrùn oṣù kẹrin sì ń jó Maiduguri bí ẹni tó bá gbogbo ìlú ṣọ̀tá. Ṣọ́ọ̀bù ọ̀hún wà ní Moduganari: yàrá tóóró kan, tẹlifíṣọ̀n ńlá lára ògiri, bẹ́ǹṣì mẹ́ta, fáànù méjì, àti jẹnẹrétọ̀ tó ń ké lẹ́yìnkùlé. Géèmù bọ́ọ̀lù ni wọ́n ń gbá níbẹ̀ tẹ́lẹ̀, ṣùgbọ́n láti ìgbà tí Ṣàíbù ti gbé géèmù àkùkọ dé, kò sẹ́ni tó bèèrè bọ́ọ̀lù mọ́.

Géèmù náà kò ṣòro láti ṣàlàyé. Àkùkọ mẹ́rin wà lórí ọkọ̀ ojú omi kan, ẹni mẹ́rin ló ń darí wọn, oníkálùkù pẹ̀lú páàdì tirẹ̀ lọ́wọ́. Òkúta ń já bọ́ láti òkè. Pákó ọkọ̀ ń yọ lọ́kọ̀ọ̀kan bọ́ sínú omi. Kùmọ̀ ńlá kan máa ń yọ láàárín ọkọ̀, ẹni tó bá yá ló ń mú un. Ẹni tó bá kẹ́yìn lórí ọkọ̀ ló jẹ. Eré kan kì í ju ìṣẹ́jú kan lọ, wọ́n á sì tún bẹ̀rẹ̀. Ẹni tó bá kọ́kọ́ jẹ lẹ́ẹ̀marùn-ún ló borí.

Wọ́n fún Mùfúlíátù ní páàdì. Kò mú irú rẹ̀ dání rí. Ó ń tẹ gbogbo bọ́tìnnì pọ̀, àkùkọ funfun rẹ̀ ń fò sókè-sódò bí adìẹ tí wọ́n da omi gbígbóná lù, kó tó mí lẹ́ẹ̀mẹta, ó ti wà nínú omi.

"Kai!" ó pariwo ní Hausa. "Me ya faru?" Ó ń bèèrè ohun tó ṣẹlẹ̀.

Olúgbóyèga yíjú padà. Ọdún kẹta rẹ̀ nìyẹn ní ẹ̀ka ìmọ̀ ẹ̀rọ. Ìbàdàn ló ti wá, ọ̀dọ̀ àbúrò bàbá rẹ̀ ló sì ń gbé ní àdúgbò 1000 Housing. Kò fẹ́ràn ìlú náà rárá, ó ń ka ọdún tó kù fún un bí ẹlẹ́wọ̀n.

"Ta ló gbé Gàmbàrí wá síbí?"

"Ọmọ Yorùbá ni," Theresa dá a lóhùn. "Ọmọ Ọ̀fà ni bàbá ẹ̀."

"Yorùbá wo? Jẹ́ kó sọ ọ́ ká gbọ́."

Inú ilé wọn ní Gwange, Yorùbá ni Alhaji Ràímì, bàbá Mùfúlíátù, àti ìyàwó rẹ̀ ń sọ, Hausa sì ni àwọn ọmọ fi ń dá wọn lóhùn. Bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣe é láti kékeré. Mùfúlíátù gbọ́ Yorùbá dáadáa, ẹnu rẹ̀ ni kò gbà á. Ṣùgbọ́n gbogbo ojú ti wà lára rẹ̀. Ó na ọwọ́ sí tẹlifíṣọ̀n.

"Kì í ṣe ẹ̀bi mi. Ọkọ ló fọ́."

Ọkọ̀ ló fẹ́ sọ. Ọ̀rọ̀ bọ́, ó sì ti di ẹyin.

"Ọkọ rẹ fọ́!" Olúgbóyèga fi ọwọ́ lu itan. "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá wa wá ọkọ mìíràn fún omidan yìí, tiẹ̀ ti fọ́!"

Ṣọ́ọ̀bù dàrú fún ẹ̀rín. Raphael, ọmọ sójà tí wọ́n bí sí bárékè, tí Hausa tirẹ̀ gan-an dán ju ti Mùfúlíátù lọ, òun náà rẹ́rìn-ín. Láti ọjọ́ yẹn, Ọkọ-ló-fọ́ ni Olúgbóyèga ń pè é, ní ṣọ́ọ̀bù, ní ọgbà yunifásítì, níwájú ilé ìkàwé.

Mùfúlíátù padà wá lọ́jọ́ kejì. Kò gba páàdì. Bẹ́ǹṣì ẹ̀yìn ló jókòó sí, ó ń wò.

Lọ́jọ́ kẹta, Ṣàíbù bi í pé, "Ṣé sinimá lo wá wò ni?"

"Ẹ jẹ́ n wò ná, Bọ̀ọ̀dá Ṣàíbù."

Ọkùnrin náà, tí bàbá tirẹ̀ náà ti ṣòwò dàgbà ní Maiduguri, wo ojú rẹ̀ fún ìgbà díẹ̀, ó sì fi í sílẹ̀.

Ọjọ́ mẹ́sàn-án ló fi wò. Ó kọ́kọ́ rí i pé àárín ọkọ̀ ni wọ́n ti ń kú. Gbogbo ènìyàn ń sáré lọ mú kùmọ̀, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń lu ara wọn. Ẹni tó dúró ní ìdajì ọ̀nà, tí kò súnmọ́ àárín tí kò sì súnmọ́ etí, ń pẹ́ láyé. Ó rí i pé ìka ni ọ̀tá àwọn òpè: ẹni tó ń tẹ bọ́tìnnì láìdúró kò mọ ibi tí àkùkọ ara rẹ̀ wà mọ́. Ó sì rí èyí tí ẹnikẹ́ni kò ka sí, pé bí àkùkọ bá ti ẹlòmíràn tí kò bà á, á ta gọ́ọ̀gọ́ọ̀ fún ìṣẹ́jú àáyá kan. Ìṣẹ́jú àáyá yẹn ló yẹ kéèyàn máa dúró dè. Jẹ́ kó tì ọ́, fò, kó o wá tì í.

Ṣùgbọ́n ọjọ́ kẹjọ ló tó mọ ìdí tí Olúgbóyèga fi ń borí. Ọwọ́ rẹ̀ yá lóòótọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe ọwọ́. Ẹnu ni.

"Ẹ wo aláwọ̀ ewé yẹn, ó ń sá! Ẹ pa á! Raphael, ọ̀tún ẹ, ọ̀tún ẹ!"

Ẹni tó bá ti dárúkọ, gbogbo wọn á kọjú sí onítọ̀hún láìmọ̀. Òun á fà sẹ́yìn. Nígbà tí wọ́n bá fi máa pa ẹni yẹn tán, pákó á ti kù díẹ̀, àwọn tó kù á ti rẹ̀, á wá jáde wá tì wọ́n bí ẹni ń gbá ilẹ̀. Raphael ló máa ń fi ṣe ìkẹyìn nígbà gbogbo.

"Raphael, o ṣeun. Bọ́ sómi."

Raphael á rẹ́rìn-ín. Mùfúlíátù rí ojú rẹ̀ nígbà tí ẹ̀rín náà bá tán.

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í gbá a lásìkò tí Olúgbóyèga bá wà ní kíláàsì. Theresa ń bá a wá. Ọmọ ọlọ́pàá ni Theresa, ó ní sùúrù, ó sì yára gbọ́n ju bí Mùfúlíátù ṣe rò lọ. Nígbà tí Ṣàíbù kéde ìdíje tó máa parí lọ́jọ́ Sátidé, tó ní òun á fi ọ̀dà kọ orúkọ ẹni tó bá borí sára ògiri, kí onítọ̀hún sì máa gbá géèmù lọ́fẹ̀ẹ́ fún oṣù kan, ẹni mẹ́rìndínlógún ló dá sí i. Nígbà tó fi di Ọjọ́bọ̀, mẹ́rin ló ṣẹ́ kù: Olúgbóyèga, Raphael, Theresa, òun náà.

Lọ́jọ́ Ẹtì, lábẹ́ igi dongoyaro lẹ́bàá ẹ̀ka wọn, Mùfúlíátù ránṣẹ́ pe àwọn méjì yòókù, ó ní kí àwọn mẹ́ta para pọ̀ kọ́kọ́ lé Olúgbóyèga sómi ní gbogbo eré.

"Kí n bá ẹ lọ́wọ́ sí i?" Raphael bèèrè. "Kí lo fẹ́ fún mi?"

"Ìgbà mélòó ló ti tì ẹ́ sómi?"

Raphael na ọwọ́ sókè. Ó ṣẹ́ ewé dongoyaro, ó ń fà á ya.

"Hausa la máa fi sọ ọ́," Mùfúlíátù ní. "Kò gbọ́ ọ. Ọdún kẹta rèé, kò kọ́ ju ìkíni lọ."

Theresa ló sọ ọ̀rọ̀ tó kù. "Mo gbà. Ṣùgbọ́n tá a bá ti lé e kúrò, ojúkojú la máa bá ara wa jà. Kò sí títì láti ẹ̀yìn, kò sí ẹ̀tàn."

"Mo gbà."

"Búra."

"Wallahi," ni Mùfúlíátù wí.

Lọ́jọ́ Sátidé, ṣọ́ọ̀bù kún débi pé àwọn kan dúró sójú fèrèsé. Olúgbóyèga jẹ eré méjì àkọ́kọ́. Ó ń rẹ́rìn-ín, ó ń kígbe, "Ẹ bá mi mú Ọkọ-ló-fọ́!" àwọn tó wà lẹ́yìn sì ń gbè é.

Eré kẹta bẹ̀rẹ̀. Mùfúlíátù kò gbé ojú kúrò lára àkùkọ rẹ̀.

"Ku bar shi a tsakiya," ó wí jẹ́jẹ́. Ẹ fi í sílẹ̀ láàárín.

Olúgbóyèga mú kùmọ̀, ó yí padà, kò rí ẹni tó máa lù. Àkùkọ mẹ́ta dúró yí i ká. Ó ju kùmọ̀ sí Mùfúlíátù. Mùfúlíátù fò.

"Yanzu!" ó kígbe. Nísinsìnyí.

Raphael ló tì í. Ohùn omi tó ti inú tẹlifíṣọ̀n jáde, Raphael rẹ́rìn-ín sí i, ẹ̀rín tí Mùfúlíátù kò gbọ́ lẹ́nu rẹ̀ rí.

Bẹ́ẹ̀ náà ni eré kẹrin. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìkarùn-ún. Ní ìkẹfà, Olúgbóyèga gbé ojú kúrò lórí eré pátápátá.

"Wọ́n ń sọ Hausa! Ṣàíbù, o ò gbọ́ ni? Wọ́n ń gbìmọ̀!"

"Ìwọ ńkọ́, kí lo ti ń fi ẹnu ẹ ṣe láti ọjọ́ yìí?" Ṣàíbù bi í.

"Yorùbá ni mo ń sọ!"

"Maiduguri la wà," Ṣàíbù wí. "Èdè wo lo fẹ́ kí wọ́n sọ?"

Ẹ̀rín tó sọ ní ṣọ́ọ̀bù lọ́jọ́ yẹn ju ti ọjọ́ àkọ́kọ́ lọ. Olúgbóyèga gbọ́ ọ, ó sì mọ̀ pé òun ni wọ́n ń rín. Kò bọ́ sípò mọ́. Ó ń tẹ gbogbo bọ́tìnnì pọ̀ bí òpè. Nígbà tí wọ́n tì í sómi lẹ́ẹ̀kẹsàn-án, ó dìde, ó gbé páàdì ga, ó là á mọ́lẹ̀. Ike rẹ̀ fọ́ ká.

Ṣàíbù kò pariwo. Ó ṣí ilẹ̀kùn. "Jáde. Má padà wá."

Olúgbóyèga dúró sẹ́nu ọ̀nà. Ó nàka sí Mùfúlíátù. "Gàmbàrí ni ẹ́. Bó o bá fi ọgbọ̀n ọdún jẹ géèmù, Gàmbàrí náà ni ẹ́." Ó lọ.

Ó yẹ kí ó dùn mọ́ Mùfúlíátù. Ó sì dùn mọ́ ọn. Ṣùgbọ́n eré kò tíì parí. Òun ti jẹ mẹ́rin, Theresa mẹ́rin, Raphael ọ̀kan. Ṣàíbù yọ àkùkọ dúdú Olúgbóyèga kúrò, wọ́n gbá a lẹ́ni mẹ́ta.

Òkúta kan já bọ́ sórí Raphael kí ó tó rìn. Ó gbé páàdì sílẹ̀, ó fara ti ògiri láti wòran. Ó ku àwọn ọ̀rẹ́ méjì, àti pákó mẹ́fà.

Theresa kò sáré. Ó mú àkùkọ rẹ̀ wá sí iwájú Mùfúlíátù, ó dúró, ojúkojú, bí wọ́n ṣe sọ. Ó ti kọ́ gbogbo ohun tí Mùfúlíátù mọ̀. Kò tì. Ó ń dúró kí Mùfúlíátù kọ́kọ́ tì, kó lè fò. Pákó kan bọ́. Òmíràn bọ́. Ó ku mẹ́rin. Mùfúlíátù rí i kedere pé ẹni tó bá kọ́kọ́ tì ló máa pàdánù, Theresa kò sì ní kọ́kọ́ tì.

"Theresa!" ó kígbe. "Gbóyèga ti padà! Ẹ̀yìn ẹ!"

Theresa yíjú sí ilẹ̀kùn, èjìká rẹ̀ ká sókè bí ẹni tó ń retí ẹ̀ṣẹ́.

Mùfúlíátù tì í.

Ariwo sọ. Àwọn kan gbé Mùfúlíátù lọ́wọ́ sókè. Theresa ṣì ń wo ẹnu ọ̀nà, níbi tí kò sí ẹnikẹ́ni. Lẹ́yìn náà ló wo tẹlifíṣọ̀n, lẹ́yìn náà ló wo ọ̀rẹ́ rẹ̀.

"Kò sẹ́ni níbẹ̀," ó wí.

"Eré ni, Theresa."

"O búra."

"Eré ni!"

Theresa gbé páàdì sórí bẹ́ǹṣì pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, bí ẹni gbé ẹyin. Ó mú báàgì rẹ̀. Raphael tẹ̀ lé e jáde, kò sì kí ẹni tó borí.

Ṣàíbù kọ orúkọ náà sára ògiri: MÙFÚLÍÁTÙ RÀÍMÌ, pẹ̀lú ọ̀dà pupa. Mùfúlíátù gbá géèmù lọ́fẹ̀ẹ́ fún oṣù kan. Ó borí lójoojúmọ́. Láàárín ọ̀sẹ̀ kejì ni ó gbọ́ ohùn ara rẹ̀ tó ń pariwo, "Ẹ pa aláwọ̀ pupa yẹn!" ó sì rí bí àwọn mẹ́ta ṣe kọjú sí ọmọbìnrin kan tí kò tíì mọ ibi tí bọ́tìnnì wà. Ọwọ́ rẹ̀ kò dúró. Ó kọ́kọ́ jẹ eré náà tán ná, kí ojú tó tì í.

Lọ́jọ́ kejì, ó wọ kẹ̀kẹ́ lọ sí bárékè ọlọ́pàá. Ìyá Theresa ló ṣílẹ̀kùn. Mùfúlíátù kúnlẹ̀.

"Ẹ káàsán, Mà."

"Mùfú! A ò rí ẹ mọ́. Jókòó, jókòó. Theresa, ọ̀rẹ́ ẹ dé o!"

Obìnrin náà gbé sóbò tútù fún un, ó sì padà sí ìdí ọbẹ̀ rẹ̀. Theresa jáde wá láti yàrá, ó jókòó sórí àga tó jìnnà jù.

"Mo wá tọrọ àforíjì," Mùfúlíátù wí. Ó fi Yorùbá sọ ọ́, ó ti ń tún un wí nínú kẹ̀kẹ́ láti Gwange. "Ohun tí mo ṣe kò dáa."

"Ṣé o mọ ohun tó o ṣe?"

"Mo tàn ẹ́."

"Rárá." Ohùn Theresa rẹlẹ̀, kí ìyá rẹ̀ má bàa gbọ́. "Tó o bá tì mí láti ẹ̀yìn, màá bínú, màá sì gbàgbé. O mọ̀ pé ẹ̀rù ọkùnrin yẹn ń bà mí. Ìwọ nìkan ni mo sọ fún. Òun lo wá fi tì mí."

Mùfúlíátù tẹjú mọ́ ife sóbò.

"Mu sóbò ẹ," Theresa ní. "Tó o bá lọ láìmu ún, màmá mi á bi mí ní ìdí."

Mùfúlíátù mu ún tán. Ó tutù, ó sì dùn. Theresa gba ife lọ́wọ́ rẹ̀, ó sì ṣílẹ̀kùn fún un.

Ọdún méjì àti díẹ̀ ni wọ́n tún fi jókòó ní kíláàsì kan náà. Nígbà tí wọ́n pín wọn pọ̀ fún iṣẹ́ yàrá àyẹ̀wò, Theresa lọ bẹ olùkọ́ kó bá òun pààrọ̀ ẹnìkejì. Olùkọ́ bi í léèrè ìdí. Ó ní kò sí nǹkan kan, pé àwọn kan kàn wà tí ènìyàn kò lè kọ ẹ̀yìn sí.