Lẹ́nu Ilẹ̀kùn Ilé Ìgbẹ̀bí

Látìgbà tí ìjọba ti ní kí oníkálukú jókòó sílé nítorí àrùn kòrónà ni ara Seyil kò ti balẹ̀ mọ́. Oyún rẹ̀ ti wọ oṣù kẹjọ. Ermek ọkọ rẹ̀ há sí ìlú Mọ́síkò lókèèrè níbi tó ti ń ṣiṣẹ́ ilé kíkọ́, kò sì sí bàlúù tó ń gbéra. Òun àti Burmakan, ìyá ọkọ rẹ̀, nìkan ló kù nínú ilé lábẹ́ òkè. Bó bá jókòó, yóò dìde. Bó bá dìde, yóò lọ wo ọ̀nà lójú fèrèsé bí ẹni tó ń retí àlejò. Àlejò wo ló fẹ́ wá?

Láàárọ̀ ọjọ́ kan, bàtà kò gba ẹsẹ̀ rẹ̀ mọ́. Orí ń fọ́ ọ bí ẹni pé wọ́n ń fi òòlù lù ú. Bó ti ń bu tíì fún ìyá ọkọ rẹ̀, iná wẹ́wẹ́ ń tàn yẹ̀rìyẹ̀rì níwájú ojú rẹ̀, ló bá da tíì sórí búrẹ́dì.

"Ìyá, ẹ jẹ́ ká lọ sí ilé ìwòsàn."

"Ilé ìwòsàn wo? Níbi tí wọ́n ti fi ọ̀rá wé òkú àbúrò mi? Inú ilé yìí ni mo bí gbogbo ọmọ mi sí, ẹsẹ̀ mi sì wú ju tìẹ lọ."

"Mo ń rí iná lójú, Ìyá."

"Ebi ni. Jẹun."

Seyil jẹun, ó sì bì í. Ó rìn láti ìdí ààrò dé ẹnu ọ̀nà, ó padà, ó tún lọ. Nígbà tí kò lè gbà á mọ́ra mọ́, ó bọ́ sí àgbàlá, ó fi igbe ta sí Tologon, aládùúgbò wọn tó ní ọkọ̀.

"Ẹ̀gbọ́n Tologon! Ẹ dákun, ẹ gbé mi lọ sí ilé ìwòsàn ní ìlú Oṣi! Ojú mi ń ṣú!"

Burmakan sáré jáde. "Ṣé o fẹ́ dójú tì mí ládùúgbò ni?" Ó wá rí ojú ìyàwó ọmọ rẹ̀ nínú oòrùn, bó ṣe wú bí ìyẹ̀fun tí wọ́n pò mọ́jú. Ó wọlé lọ mú ẹ̀wù òtútù rẹ̀.

Nínú ọkọ̀, Burmakan ṣí fèrèsé sílẹ̀ nínú òtútù, ó fi ìborùn bo ẹnu. Seyil gbọ́ tó ń wúkọ́ lábẹ́ ìborùn náà.

Ọlọ́pàá ti dí ọ̀nà. "Ẹ padà. Kò sẹ́ni tó ń kọjá."

Burmakan sọ̀kalẹ̀. "Ọmọ yìí, wo ikùn yẹn dáadáa. Bó bá kú síbí, ṣé ìwọ lo máa wẹ òkú rẹ̀?"

Ọlọ́pàá náà gbé igi kúrò lọ́nà.

Ilé ìwòsàn tí wọ́n kọ́kọ́ dé ti di ti alárùn kòrónà pátá. Ẹ̀ṣọ́ ní kí wọ́n máa lọ sí òmíràn. Lẹ́nu ilẹ̀kùn ilé ìgbẹ̀bí tí wọ́n wá dé, nọ́ọ̀sì kan tó fi aṣọ ààbò bo ara látòkè délẹ̀, tó jẹ́ ojú nìkan ló hàn, bi wọ́n pé, "Ta ló ń wúkọ́ nínú yín?"

Seyil mọ̀ pé ìyá ọkọ òun ni. Bó bá sọ̀rọ̀, wọ́n lè lé wọn.

"Èmi ni," Burmakan ní. "Láti àná. Ẹ má jẹ́ kí n wọlé, ṣùgbọ́n ẹ gba èyí wọlé."

"Ìyá, ẹ ò sọ fún mi!"

"Kí n sọ, kó o lè máa sá fún mi? Wọlé, jàre."

Ẹ̀jẹ̀ Seyil ti ru kọjá ààlà. Dókítà ní ká ní ó pẹ́ díẹ̀ sí i ni, gìrì ì bá mú un. Wọ́n fi í sí yàrá òun nìkan, wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ fún un, wọ́n sì gbé ọmọbìnrin kékeré kan jáde, tí igbe rẹ̀ ju ara rẹ̀ lọ. Seyil ń pe fóònù Burmakan, kò gbé e. Ó yí sí ọ̀tún, ojú abẹ ń ro ó. Ó yí sí òsì, ó tún pè. Tologon ló wá sọ fún un níkẹyìn: ibà ti gbé ìyá náà dè, ilé ìwòsàn alárùn kòrónà tó kórìíra yẹn gan-an ni wọ́n gbé e lọ.

Ọlọ́run kò jẹ́ kó kú. Àwọn òdòdó igi ápírìkọ́ọ̀tì ti rẹ̀ dànù kí Burmakan tó padà délé, òun náà sì ti gbẹ bí igi ìdáná. Ó gba ọmọ, ó ti imú bọ irun orí rẹ̀, ó fà á símú bí àwọn ìyá àgbà ilẹ̀ wọn ti í gbóòórùn ọmọ tuntun.

"Mi ò gbóòórùn nǹkan kan."

"Á padà wá, Ìyá."

Ó gbìyànjú lẹ́yìn etí, ó gbìyànjú lọ́rùn, bí ẹni tó ń wá ohun tó sọnù.

"Ara rẹ̀ lọ́ wọ́ọ́rọ́, ṣá," ló wí, kò sì gbé e sílẹ̀.