Oríkì Tó Ń Ṣọ́ Agbo Màlúù

Láti ọjọ́ tí ẹsẹ̀ Rwabutomize ti kán, kò fojú kan màlúù rẹ̀ mọ́. Ohùn wọn nìkan ló ń gbọ́ látorí bẹ́ẹ̀dì, oúnjẹ ò sì wọ̀ ọ́ lọ́nà ọ̀fun. Ìyẹn ló mú kí ọmọ rẹ̀ obìnrin, Kembabazi, tó ń tún rédíò ṣe nílùú Mbarara, gbé kámẹ́rà àlòkù kan wálé sí abúlé wọn, Rushere, láti gbé e kọ́ sí ọgbà màlúù.

"Baba, ẹ ó máa rí wọn lórí fóònù yín."

"Ta ló tún máa rí wọn? Bàbá mi ò jẹ́ kí àjèjì ka màlúù òun rí, èmi náà ò ní í gbà á. Bí ojú ẹlòmíì bá fi lè tó wọn, wàá tú nǹkan yẹn lulẹ̀."

 Kembabazi fi abẹ́rẹ́ tẹ ihò kékeré ìdí kámẹ́rà, kó lè gbàgbé ẹni tó kọ́kọ́ ní i. Ó pa pásíwọ̀dù tó bá a wá rẹ́, irú èyí tí gbogbo olè mọ̀ sórí. Àwọn tó ṣe kámẹ́rà náà ti pa á tì, wọn ò tún un ṣe mọ́, nítorí náà kò jẹ́ kó dé orí íńtánẹ́ẹ̀tì rárá. Wi-Fi inú ilé nìkan ló fi í mọ sí. Ọmọ náà mọṣẹ́, ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́.

Nígbà tó ku pásíwọ̀dù tuntun fún kámẹ́rà àti Wi-Fi, baba rẹ̀ ní, "Fi Bihogo sí gbogbo rẹ̀." Bihogo ni aṣáájú agbo rẹ̀. Kembabazi mọ̀ pé kò dáa tó, àmọ́ baba rẹ̀ ń rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín àkọ́kọ́ láti oṣù kan. Ó fi í sí i.

Lọ́jọ́ kejì, Karuhanga, àbúrò Rwabutomize, wá kí i. Ó jókòó sábẹ́ igi níta, ó tẹ fóònù rẹ̀ díẹ̀, ó wá wọlé tẹ̀ríntẹ̀rín.

"Ẹ̀gbọ́n, abo dúdú yẹn mà ti fẹ́ bímọ o."

"Ta ló ṣílẹ̀kùn fún ọ?"

"Ẹ̀yin náà ni. Ìgbéyàwó wo lẹ lọ rí tẹ́ ẹ ò ki Bihogo títí oúnjẹ fi tutù? Ẹ̀ẹ̀kan péré ni mo dán an wò."

Ojú ti Kembabazi. Ó mú sukudiráfà rẹ̀, ó ń lọ tú u.

"Fi í sílẹ̀," ni baba rẹ̀ wí. "Ẹnu mi ló ṣẹ̀, kì í ṣe kámẹ́rà. Karuhanga, padà sábẹ́ igi rẹ."

Ó di ojú, ó gbé ohùn tó fi ń ki màlúù jáde, àmọ́ ó rẹ̀ ẹ́ sílẹ̀. "Kọ ọ́: Kembabazi tó kó agbo wá bá mi lórí ibùsùn, tí ilẹ̀kùn rẹ̀ kò gbọ́ ti olè."

Kembabazi gbé sukudiráfà kalẹ̀, ó mú fóònù. Ní Rushere, màlúù là ń kì, a kì í ki ọmọbìnrin ẹni. "Baba, orúkọ mi nìyẹn."

"Ṣé ẹnikẹ́ni ti gbọ́ kí n kì ọ́ rí?"

"Rárá, sà."

"Kò sẹ́ni tó máa rò ó débẹ̀ nìyẹn."

Títí oòrùn fi yẹ̀, Karuhanga wà níta tó ń dán orúkọ gbogbo màlúù ìdílé wọn wò lọ́kọ̀ọ̀kan. Nínú ilé, Rwabutomize ń wo Bihogo tó ń jẹ àpọ̀jẹ, ó sì ní kí wọ́n gbé oúnjẹ òun náà wá.

"Tí ẹsẹ̀ mi bá san," ó sọ fún ọmọ rẹ̀, "a ó pààrọ̀ pásíwọ̀dù yẹn. Mo fẹ́ kì ọ́ níta gbangba."