Igun Mẹ́ta Tí Ìyá Onífèrèsé Ń Wá

Ẹ̀ẹ̀mejì ni Ìyá Onífèrèsé ti fìdí rẹmi nínú ìdánwò àwọn káfíńtà. Ẹlẹ́ẹ̀kẹta rèé. Ọ̀gá ibi iṣẹ́ ti sọ ọ́ láìfọ̀rọ̀ bọpo bọyọ̀ pé bí kò bá yege lọ́tẹ̀ yìí, ẹlòmíì ni yóò di olórí àwọn tó ń kan fèrèsé. Bẹ́ẹ̀ ọdún mẹ́fà ló ti ń ṣe iṣẹ́ olórí láìjẹ́ orúkọ rẹ̀. Ó dùn ún wọ eegun.

Ìbéèrè kan ṣoṣo ló ń gbé e ṣubú. Wọ́n á ya onígun mẹ́rin kan tó fì sẹ́gbẹ̀ẹ́, tí ẹ̀gbẹ́ tó kọjú síra dọ́gba, wọ́n á kọ àádọ́rin dígírì sí igun kan, wọ́n á ní kó wá mẹ́ta tó kù. Ẹ gbọ́ ná, ta ló ń kan irú fèrèsé bẹ́ẹ̀? Lójú tiẹ̀, iṣẹ́ tó bàjẹ́ ni. Kí wọ́n ní kó nà án tọ́ ló yẹ wọ́n.

Ọmọ rẹ̀ obìnrin, tó ń ṣe ìṣirò bí ẹni mumi, ti jókòó tì í ní ilé ìdáná. Ó ní kí Màmá má wọn àwòrán náà rárá, ohun tí wọ́n kọ sí i ni kí Màmá gbà gbọ́. Màmá wò ó bí ẹni ń wo wèrè. Káfíńtà tó bá gba ìwé gbọ́ láìwọn igi, pákó ló ń fi ṣòfò.

Ọjọ́ ìdánwò pé, ìbéèrè ọ̀hún tún yọjú. Ọwọ́ Màmá ò gbọ́ràn. Ó yọ irinṣẹ́ tó fi ń wọn igun, ó gbé e lé àwòrán. Méjìlélọ́gọ́ta. Ó tún un wọ̀n, méjìlélọ́gọ́ta náà ni. Ìwé sì ní àádọ́rin. Ta ló ń parọ́ nínú wọn? Orí rẹ̀ dàrú. Bóyá wíwọ̀n yìí gan-an ló ti ń jẹ́ kó kùnà látẹ̀yìnwá. Àmọ́ ṣé kó wá sọ pé ojú òun ò rí ohun tó rí ni?

Ó dijú, ó sì rí férémù tí wọn ò tíì kàn le, ìṣó kọ̀ọ̀kan ní igun kọ̀ọ̀kan. Ó tì í lókè. Igun kan fún, èyí tó tẹ̀ lé e sì là sí i. Ohun tí èyí pàdánù ni ìyẹn ń jèrè. Àádọ́rùn-ún ni kálukú wọn kó tó tì í. Èyí tó di àádọ́rin ti sọ ogún nù, aládùúgbò rẹ̀ ló he é. Àádọ́fà nìyẹn. Èyí tó kọjú sí àádọ́rin á jẹ́ àádọ́rin, èyí tó kọjú sí àádọ́fà á jẹ́ àádọ́fà.

Ó kọ ọ́ sílẹ̀. Ṣùgbọ́n ara rẹ̀ ò gbà á, ó tún kọ ọ́ sábẹ́ rẹ̀ pé: "Ẹ jọ̀ọ́, méjìlélọ́gọ́ta ni igun tí ẹ yà, kì í ṣe àádọ́rin. Ẹ tún un ṣe."

Nígbà tó délé tó ròyìn, ọmọ rẹ̀ káwọ́ lérí. Ọ̀sẹ̀ mẹ́ta gbáko ni àwọn méjèèjì fi retí èsì.

Wọ́n dá ìwé ìdáhùn rẹ̀ padà. Ó yege. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ àwòrán náà, ẹnì kan ti fi yíǹkì pupa kọ ọ́ pé: "A wọ̀n ọ́n. Òótọ́ lẹ sọ."

Màmá, tó ti di olórí àwọn onífèrèsé wàyí, kà á lẹ́ẹ̀mẹta, ẹkún ń bọ̀, ẹ̀rín ń bọ̀. Ó yíjú sí ọmọ rẹ̀.

"Ṣé torí mo gbà wọ́n gbọ́ ni mo ṣe yege, àbí torí mi ò gbà wọ́n gbọ́?"