Adájọ́ Kọ Ìṣákọ́lẹ̀

Ọjọ́ tí ìròyìn dé pé Adégbóyè ti di adájọ́, ìdí kòkó ni Àyànlọ́wọ̀ wà. Toyibat ìyàwó rẹ̀ ló gbọ́ ọ nínú rédíò, tó sáré wọ oko bí ẹni tílé ń jó.

"Bàbá Fàwáz! Onílẹ̀ wa ti di adájọ́!"

Àyànlọ́wọ̀ ju àdá nù, ó bẹ̀rẹ̀ sí í jó. Láti Ìkirè ló ti wá dáko sí Aráròmí-Obu, orí ilẹ̀ ìdílé Adégbóyè ló sì gbin kòkó rẹ̀ sí. Ó mọ ọkùnrin náà láti ìgbà tó jẹ́ lọ́yà ní Ọ̀rẹ̀, tí ọ́fíìsì rẹ̀ kọjú sí páàkì, tí kò lè la ọ̀rọ̀ yé oníbàárà àfi kí agbèrò kọ́kọ́ pe èrò Benin tán. Nígbà tó wọlé aṣòfin ní Àkúrẹ́, ó di Ọnọ́rébù. Ó sọ̀rọ̀ lórí ọ̀dà títì tó wà nínú ilẹ̀ ní Agbabu títí àwọn tó ń gbọ́ ọ nínú rédíò fi sùn lọ. Ọ̀dà ò kúrò nílẹ̀ o, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ náà dùn. Ní gbogbo ìgbà yẹn, kò sí ohun tí wọ́n gbé wá tí kò gbà: ọ̀gẹ̀dẹ̀, òbúkọ, kódà àkùkọ arọ kan báyìí.

Ìyá rẹ̀, Màmá Elizabeth, ló máa ń gba ìṣákọ́lẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tó ń dáko lórí ilẹ̀ wọn lọ́dọọdún. Màmá kú nígbà òjò. Ọwọ́ ọmọ ni tọdún yìí máa dé.

Nígbà tó di Sátidé, Àyànlọ́wọ̀ di iṣu àti kẹ́ẹ̀gì epo mọ́ ẹ̀yìn ọ̀kadà, ó gba ilé adájọ́ ní Odígbó lọ. Adájọ́ fúnra rẹ̀ ló ṣílẹ̀kùn. Bó ṣe rí ẹrù, ó fò sẹ́yìn bí ẹni tó rí ejò.

"Bàbá, ẹ gbé e padà! Adájọ́ kì í gba nǹkan lọ́wọ́ èèyàn."

Àyànlọ́wọ̀ mọ ìtumọ̀ ìyẹn. Onílẹ̀ tó bá kọ ìṣákọ́lẹ̀, ó ti lé àgbẹ̀ kúrò lórí ilẹ̀ nìyẹn. Kòkó tó fi agbára èwe gbìn! Ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja.

"Lọ́yà… Ọnọ́rébù… Olúwa mi, kí ni mo ṣe?"

"Ṣé ẹ ní ẹjọ́ ní kóòtù ni?"

"N ò tíì ní, sà, ṣùgbọ́n bó ṣe ń lọ yìí, mà á ní!"

"Háà! Ẹ má sọ ọ́ sí mi létí!" Adájọ́ fi ọwọ́ di etí, ó ti ìlẹ̀kùn. Nígbà tó pẹ́ díẹ̀, ó yọjú lójú fèrèsé. "Bàbá, ẹ ṣì wà níbẹ̀?"

"Ibí ni mo máa kú sí."

Báyìí ni Lydia, ìyàwó adájọ́, ti ibi ìdánrawò orin ṣọ́ọ̀ṣì dé. "Bàbá Ìyìn!" ó pe ọkọ rẹ̀. "Ta ló pa Bàbá Àyànlọ́wọ̀ sẹ́nu ọ̀nà wa?"

Wọ́n rò fún un tẹnu-tẹnu. Ó yíjú sí ọkọ rẹ̀.

"Nígbà tẹ́ ẹ jẹ́ lọ́yà, kí lẹ sọ ní kóòtù nípa onílẹ̀ kan tó kọ ìṣákọ́lẹ̀?"

"Mo ní ọgbọ́n àtigba oko olóko ni."

"Ta ló jàre?"

"Èmi ni," adájọ́ gbáyà sókè. Lẹ́yìn náà lẹnu rẹ̀ là sílẹ̀. "Yéè! Mo ti dá ara mi lẹ́bi."

"Ẹ̀tọ́ ilẹ̀ ni, kì í ṣe ẹ̀bùn. Ẹ gbé e wọlé."

"Ẹ jẹ́ kí wọ́n gbà á kí n tó dìde," Àyànlọ́wọ̀ sọ láti ilẹ̀ẹ́lẹ̀.

Adájọ́ gbé iṣu àti epo náà fúnra rẹ̀ dé ẹ̀yìnkùlé, níbi ààrò ìyá rẹ̀. Ẹnikẹ́ni kò tíì dáná níbẹ̀ látìgbà ìsìnkú. Ó fọwọ́ gbá eérú àtijọ́ kúrò nínú rẹ̀.

"Màmá kì í jẹ́ kẹ́ ẹ lọ láìjẹun," ó sọ wẹ́rẹ́. "Iṣu tẹ́ ẹ bá gbé wá gan-an ni wọ́n máa ń sun."

Ó ká apá aṣọ rẹ̀ sókè. Lydia fẹ́ bá a fẹ́ iná. Adájọ́ ní kó fi òun sílẹ̀. Nígbà tí iṣu jinná, ó ha á, ó bu epo sí i, ó sì fi ọwọ́ méjèèjì gbé ègé àkọ́kọ́ fún Àyànlọ́wọ̀.