Karimat Nínú Aṣọ Funfun

Mo ti sọ fún Adébọ̀wálé pé n ò fẹ́ bẹ́ẹ̀. Òun ni olùdarí eré tẹlifíṣàn àwọn ọmọdé tí Karimat, ọmọ ẹ̀gbọ́n mi, ń ṣe. Ó ní ọmọ náà máa kú nínú eré, wọ́n á fi aṣọ funfun wé e, wọ́n á gbé e gba ojúde kọjá. Mo ní ní Bẹ́yẹrúnkà níbí, a kì í fi aṣọ òkú ṣeré. Ó rẹ́rìn-ín.

"Àǹtí Sẹ̀gilọlá, ẹ fọkàn balẹ̀. Eré lásán ni."

Ẹnu dùn ún ròfọ́.

Nígbà tí Karimat bẹ̀rẹ̀, omi ló kàn ń gbé kọjá lẹ́yìn àwọn ọmọ yòókù. Kí ọdún tó yípo, orúkọ tó ń jẹ́ nínú eré ni wọ́n fi ń pè é lójú títì. Bó bá ti bẹ̀rẹ̀ ohun tí wọ́n ní kó ṣe, kò ní dúró àfi tí olùdarí bá pariwo pé, "Ó tó!" Nojeem bàbá rẹ̀, tó ń rán fìlà l'Ọ́jà'ba, ò fẹ́ iṣẹ́ náà rárá. Mo bẹ̀ ẹ́ títí ẹnu mi fẹ́ẹ̀ bó. Ó ní òun gbà, ṣùgbọ́n ọjọ́ tó bá kó ìpayà bá ilé òun, ọjọ́ náà ló parí.

Lọ́jọ́ tí à ń wí yìí, wọ́n kó fóònù gbogbo wa sínú apẹ̀rẹ̀ kó má baà dún. Wọ́n wé ọmọ náà, wọ́n gbé e kọjá, àwọn òṣèré obìnrin figbe ta. Kò sí ẹni tó rí ìyá Abdulmajeed, aládùúgbò Nojeem, lọ́ọ̀ọ́kán nínú wa. Obìnrin náà rí aṣọ funfun, ó gbọ́ igbe, ó káwọ́ lérí. Òkú Mùsùlùmí kì í pẹ́ nílẹ̀, ló bá rán ọlọ́kadà sí Nojeem kíá.

Adébọ̀wálé ní kí wọ́n tẹ́ ọmọ náà sórí ẹní nínú ilé, kí wọ́n tún un yà. Wọ́n ń yà á lọ́wọ́ ni Nojeem já wọlé. Ó ti pe fóònù mi títí, kò rí mi. Ẹsẹ̀ kan ló wọ bàtà. Ó rí ọmọ rẹ̀ lórí ẹní, ó ṣubú sẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

"Ìnnà lílláhì. Karimat. Karimat mi."

Mi ò gbọ́ irú ẹkún bẹ́ẹ̀ lẹ́nu ọkùnrin rí. Mo retí kí ọmọ náà lajú. Ìpéǹpéjú rẹ̀ ò mì. Adébọ̀wálé jẹ́ kí kámẹ́rà máa yà á lọ. Inú bí mi.

Èmi ni mo pariwo, "Ó tó!"

Karimat lajú, ó rẹ́rìn-ín. "Bàbá, n ò mì, àbí?"

Nojeem ń fọwọ́ pa á lójú, pa á lórí. "Ṣé ò ń gbọ́ mi látẹ̀ẹ̀kan?"

"Mò ń gbọ́ yín, sà."

"O gbọ́ ẹkún mi, o ò dìde?"

"Wọn ò tíì ní ó tó."

Ó wò ó bí ẹni ń wo ọmọ ọlọ́mọ. Ó dìde. A rò pé yóò fà á lọ́wọ́, kí wọ́n máa lọ sílé. Adébọ̀wálé ló yíjú sí.

"Ẹ máa mú un lọ," ó rọra wí. "Ẹ̀yin ló ń gbọ́ràn sí lẹ́nu. Kì í ṣe èmi mọ́."

Ó jáde. Ìgbà yẹn ni Karimat bú sẹ́kún, ó ń sáré tẹ̀lé e, aṣọ funfun náà ń gbé e ṣubú. Kámẹ́rà yí tẹ̀lé e. Mo fi àtẹ́lẹwọ́ mi bo ojú kámẹ́rà náà.