Ẹ̀yìnkùlé Ó-Tẹ́jú

Iṣẹ́ kí á máa to òkúta íńtálọ́ọ̀kì sílẹ̀ ni ọkùnrin yìí ń ṣe. Bó bá ti parí, ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo ló máa ń tẹnu rẹ̀ jáde: "Ó tẹ́jú." Bí wọ́n ṣe sọ ọ́ di Ó-Tẹ́jú nìyẹn. Bó bá rí ilẹ̀ tó rí gbágungbàgun, ara rẹ̀ kì í balẹ̀.

Nígbà tí bàbá rẹ̀ kú, ó mú ìyá rẹ̀ wá sílé. Ìyá ò sọ̀rọ̀, kò sì jẹun, àfìgbà tó rí igbó kékeré tó wà lẹ́yìn fèrèsé rẹ̀. Àràárọ̀ ló ń gbé àga síbẹ̀. Ẹyẹ lóríṣiríṣi, labalábá, oyin, ọ̀pọ̀lọ́, kò sí èyí tí kò bá sọ̀rọ̀. Alángbá kan wà tó ń pè ní Bàbá Onílé, nítorí gbogbo nǹkan ló máa ń mi orí sí. Díẹ̀díẹ̀, Màmá bẹ̀rẹ̀ sí í jẹun, ó tún ń rẹ́rìn-ín.

Ó-Tẹ́jú ò tiẹ̀ bi ara rẹ̀ léèrè ohun tó mú ara ìyá òun yá. Pàǹtí ló rí. Ọjọ́ tí Màmá lọ kí àbúrò rẹ̀, ó ṣán igbó náà, ó da oògùn tó ń pa koríko sí i kí koríko má baà gbé òkúta sókè, ó sì to òkúta bo gbogbo rẹ̀.

Màmá dé, ó dúró lójú fèrèsé, òkúta nìkan ló rí.

"O ṣé gan-an, ọkọ mi," ló sọ. "Ọlọ́run á bá mi tọ́jú rẹ."

Ó lọ dùbúlẹ̀. Láti ìgbà náà, bí wọ́n bá gbé oúnjẹ lọ, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n á gbé e padà. Síbẹ̀, Ó-Tẹ́jú ń gbọ́ ọ lórí fóònù tó ń yìn ín fún àbúrò rẹ̀. Ìyẹn gan-an ló ń jẹ ẹ́ lọ́kàn. Ká ní ó bú u ni, ara ì bá tù ú díẹ̀.

Nígbà tí kò lè mú un mọ́ra mọ́, ó mú dígà, ó sì hú gbogbo òkúta náà kúrò. Màmá gbọ́ ariwo, ó gbé àga rẹ̀ jáde. Ojú rẹ̀ ń dán.

"Ìgbà wo ni àwọn ẹyẹ àti labalábá wọ̀nyẹn máa padà wá?"

"Ó máa pẹ́, Màmá. Ẹ máà bínú. Májèlé ni mo dà sí i."

Màmá ń fojú wá nǹkan kan lórí ilẹ̀ náà.

"Bàbá Onílé ńkọ́?"

Ó-Tẹ́jú rántí òkú alángbá kan tí òun fi ṣọ́bìrì kó dànù mọ́ ewé gbígbẹ lọ́jọ́ tó da oògùn náà.