Lẹ́tà Kẹtàlélógún

Lẹ́tà kẹrìnlá ni ọ̀gá ń buwọ́ lù nígbà tí bírò bẹ̀rẹ̀ sí í họ ìwé láìyọ yíǹkì. Ó mì ín, ó fi fa ìlà mẹ́ta sẹ́yìn àpòòwé àtijọ́ kan, ó sì ń bá iṣẹ́ lọ. Nínú ọdún méjìlélógójì tó ti lò lẹ́nu iṣẹ́ ọba, kò tíì sọ bírò tó ṣì lè kọ ìlà kan nù rí.

Lẹ́tà ìfẹ̀yìntì ni gbogbo wọn. Ẹnikẹ́ni tó bá pé ọgọ́ta ọdún lóṣù náà gbọ́dọ̀ gba tirẹ̀ kí ọ́fíìsì tó ti ní agogo mẹ́rin. Láti ìgbà tí akọ̀wé àgbà ti lọ lóṣù tó kọjá, ọ̀gá yìí, igbákejì rẹ̀, ló ń di àga náà mú, òun ló sì ń buwọ́ lùwé. Gbogbo òṣìṣẹ́ ló gbà pé bí oṣù tuntun bá wọlé, àga náà á di tirẹ̀ pátápátá. Yàtọ̀ sí ẹni tó ń tọ́jú fáìlì, wọn ò mọ̀ pé lẹ́tà kẹtàlélógún, èyí tó wà nísàlẹ̀ gbogbo wọn, orúkọ rẹ̀ ló wà lórí ẹ̀.

Ọgọ́ta ọdún tó wà nínú lẹ́tà náà kì í sì í ṣe òótọ́. Ọmọ ọdún mẹ́rìndínlógún ni nígbà tó wá iṣẹ́ wá, ọmọ ọdún méjìdínlógún ni ìjọba sì ń gbà. Ẹ̀gbọ́n rẹ̀ ló bá a kọ ìwé ìwáṣẹ́ náà, tó fi ọdún méjì kún un. "Fọwọ́ sí i, jàre," ni ẹ̀gbọ́n wí. "Ta ló fẹ́ ka eyín ẹnu ẹ?" Ó fọwọ́ sí i. Wọ́n gbà á gẹ́gẹ́ bí ẹni tó ń gbé fáìlì láti yàrá dé yàrá. Ẹ̀kọ́ tí wọ́n ń fi ránṣẹ́ láti ọ̀nà jíjìn nínú àpòòwé ló fi ka ìwé. Ó fìdí rẹmi nínú ìdánwò lẹ́ẹ̀mejì, ó yege lẹ́ẹ̀kẹta. Láti ìgbà náà ló ti ń gun àga kan lẹ́yìn òmíràn, kò sì fo ọ̀kankan.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, àbúrò rẹ̀ obìnrin rí káàdì ìbí rẹ̀, ti ilé ìwòsàn, nínú àpótí ìyá wọn. Ìyàwó rẹ̀ ló fi í sínú báàgì rẹ̀ láàárọ̀.

Fóònù dún. Ìyàwó náà ni.

"Bàbá wọn, ẹ ti mú káàdì yẹn jáde?"

"Mo ń ṣiṣẹ́."

"Ìgbà wo lẹ ò ṣiṣẹ́ rí? Ọdún méjì ni o! Àga tẹ́ ẹ ti ń wò látìgbà tí irun yín ṣì dúdú. Ẹ̀yin náà lẹ máa buwọ́ lù ú, ta lẹ wá ń dúró dè?"

"Ohun tó le níbẹ̀ nìyẹn."

"Ẹ ti bẹ̀rẹ̀ nìyẹn," ni ìyàwó wí, ó sì pa fóònù.

Ọ̀gá buwọ́ lu mẹ́jọ tó kù, ó fi ti ìsàlẹ̀ sílẹ̀, ó sì ránṣẹ́ pe Ìyá Fáìlì. Obìnrin yìí ló ń tọ́jú gbogbo àkọsílẹ̀ òṣìṣẹ́ nísàlẹ̀ ilé. Àtẹ̀gùn mẹ́rin ló gùn kó tó dé. Ó di férémù ilẹ̀kùn mú, ó ń mí hẹlẹhẹlẹ.

"Ọ̀gá, ẹ bá mi bẹ orúnkún mi. Òun náà ní òun fẹ́ gba lẹ́tà."

"Ẹ pẹ̀lẹ́. Fáìlì mi dà?"

Fáìlì méjì ló gbé sórí tábìlì, okùn kan ló fi dì wọ́n pọ̀.

"Ọ̀kan ni mo béèrè."

"Ẹ̀yin lẹ kọ́ mi. Ẹ ní ẹ̀bẹ̀ kì í dá rìn, pé fáìlì ẹni tó bẹ irú ẹ̀ gbẹ̀yìn gbọ́dọ̀ bá a wá."

"Ta ló sọ fún yín pé mo fẹ́ bẹ̀bẹ̀?"

"Ẹni tó béèrè fáìlì ara ẹ̀ lọ́jọ́ tó fẹ́ buwọ́ lu lẹ́tà ara ẹ̀, ṣé fọ́tò inú ẹ̀ ló fẹ́ wò ni?"

Ẹ̀rín fẹ́rẹ̀ẹ́ pa ọ̀gá, ṣùgbọ́n ó ti rẹ̀ ẹ́ jù. Ó tú okùn.

Fáìlì kejì jẹ́ ti awakọ̀ tó fi mọ́tò gbé ọ̀gá káàkiri fún ọdún mẹ́fà. Ọdún mẹ́jọ sẹ́yìn, nígbà tí lẹ́tà ìfẹ̀yìntì tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́, awakọ̀ náà mú káàdì ilé ìwòsàn wá. Akọ̀wé kan ló ṣi ọjọ́ ìbí rẹ̀ kọ lọ́jọ́ tí wọ́n gbà á síṣẹ́, ọdún mẹ́ta gbáko ló sì fi lé e.

"Ọ̀gá," ni awakọ̀ wí lọ́jọ́ náà, "ìyá mi ò lè purọ́ nípa ọjọ́ tó bí mi."

"Ìyá rẹ kọ́ ló fọwọ́ sí ìwé ìgbanisíṣẹ́. Ìwọ ni."

Awakọ̀ lọ nu eruku ojú gíláàsì mọ́tò, ó padà wá, ó fi kọ́kọ́rọ́ sí igun tábìlì, ó jáde. Ọ̀gá fi yíǹkì pupa kọ ọ́ sára ìwé ẹ̀bẹ̀ náà pé: "A kò gbà." Lẹ́yìn náà ló kọ ìwé àṣẹ ránṣẹ́ sí gbogbo ọ́fíìsì: ọjọ́ ìbí tí òṣìṣẹ́ bá kọ́kọ́ fọwọ́ sí ni ìjọba mọ̀, káàdì tó bá dé lẹ́yìn ẹ̀ kò lè yí i padà. Ọdún yẹn ni àwọn òṣìṣẹ́ sọ ọ́ ní Kògbọdọ̀. Kò sẹ́ni tó pè é bẹ́ẹ̀ lójú rẹ̀, kò sì sí ìgbà tí kò gbọ́.

Ó yọ káàdì tirẹ̀ nínú báàgì, ó tẹ́ ẹ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ti awakọ̀. Àwọn méjèèjì ti pọ́n bákan náà. Ìlà mẹ́ta péré ni yóò kọ, lẹ́tà kẹtàlélógún á di ìwé àlòkù. Ta ló máa bi í? Ó gbé bírò. Ó kọ ọ́ sẹ́yìn àpòòwé, "Nítorí ẹ̀rí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ jáde," ọwọ́ rẹ̀ sì dúró níbẹ̀.

Ti awakọ̀, àṣìṣe ẹlòmíràn ni. Tirẹ̀, òun ló mọ̀ọ́mọ̀ fọwọ́ sí i. Àwọn àgbà ní bí irọ́ lọ fógún ọdún, ọjọ́ kan ni òtítọ́ á bá a. Tirẹ̀ gba ibòmíràn yọ. Òtítọ́ ti ń sáré bọ̀ láti ọdún méjìlélógójì, ìgbà tó sì dé, irọ́ ti jókòó sórí àga, ó ti ń buwọ́ lùwé.

"Awakọ̀ yẹn ńkọ́?" ló béèrè, kò gbójú sókè.

"Ó wà. Mọ́tò búrẹ́dì ló ń wà. Ẹ̀yìn ń dùn ún, ṣùgbọ́n ó ní ó kéré tán, búrẹ́dì kì í sọ fún òun pé, 'O ò gbọdọ̀'."

Ọ̀gá mi orí. Ó fa lẹ́tà ìsàlẹ̀ sókè, ó kà á láti òkè délẹ̀ bó ṣe ka ti àwọn yòókù, ó tún àmì kan ṣe, ó buwọ́ lù ú. Bírò náà kò họ.

"Ẹ kọ ọ́ sínú ìwé ìfiránṣẹ́."

Ìyá Fáìlì kọ ọ́. Ó yí ìwé náà sí ọ̀gá kí ó fọwọ́ sí i pé lẹ́tà ti dé ọwọ́ òun. Ó fọwọ́ sí i. Ẹni tó fi ránṣẹ́ àti ẹni tó gbà á, ọwọ́ kan náà ló kọ méjèèjì.

"Ẹ kú iṣẹ́ ọba o, ọ̀gá," ni obìnrin náà wí jẹ́jẹ́. "Ọmọ ọdún mélòó wá ni kí n máa pè yín?"

"Nínú fáìlì yín, ọgọ́ta. Nílé, méjìdínlọ́gọ́ta. Ẹ sọ fún orúnkún yín kó ṣe sùúrù."

Nígbà tí obìnrin náà ti kó fáìlì lọ, ọ̀gá fi bírò ìjọba sínú dúrọ́ọ̀, ó fi káàdì rẹ̀ sápò. Ó pa fáànù, ó pa iná. Ó yọ kọ́kọ́rọ́ mọ́tò ìjọba, ó fi í sí igun tábìlì, ó fa ilẹ̀kùn dé, ó sì di irin àtẹ̀gùn mú, ó ń sọ̀ kalẹ̀.